Àwọn Tó Ń Juwọ́ Létí Òkun

Ìlobù ni Ṣèyífúnmi ń gbé, àmọ́ Ìfọ́n ló ti ń kọ́ àwọn ọmọ girama ní ìtàn. Ọ̀kadà ló ń gbé e lọ láràárọ̀.

Lọ́jọ́ kan, ó gbé kọ̀ǹpútà wọ kíláàsì, ó fi fíìmù àtijọ́ kan han àwọn ọmọ: àwọn òyìnbó tó lọ gbafẹ́ létí òkun nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ó ti lé lọ́gọ́rùn-ún ọdún. Fíìmù náà ò lóhùn. Àwọn obìnrin dé akẹtẹ̀ ńláńlá, aṣọ wọn ń wọ́ nílẹ̀. Àwọn ọmọdé gun kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ lórí iyanrìn. Àwọn ọ̀dọ́kùnrin kan sún mọ́ kámẹ́rà, wọ́n ń juwọ́, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Gbogbo kíláàsì bú sẹ́rìn-ín.

Husnah nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. "Àwọn tó ń juwọ́ yẹn ńkọ́, mà? Kí ló padà ṣẹlẹ̀ sí wọn?"

Ṣèyífúnmi dá fíìmù náà dúró. "Kò pẹ́ sígbà yẹn ni ogun àgbáyé kìíní bẹ́ sílẹ̀. Ọ̀pọ̀ irú wọn ló lọ tí kò bọ̀."

"Wọn ò sì mọ̀?"

"Wọn ò mọ̀."

Nígbà tí wọ́n jáde nílé-ìwé, Gàfárù, bàbá Husnah, ti dúró dè é ní géètì. Àgbẹ̀ ni. Bó bá ti rí tíṣà, á kí i, á ní kó bá òun kí ọkọ rẹ̀, á béèrè àwọn ọmọ. Lọ́jọ́ yìí, kò kí i.

"Àǹtí, ẹ má wá lọ́la."

"Kí ló dé, Bàbá Husnah?"

"Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ tó wà láàárín ìlú wa àti tiyín ti kọjá ọ̀rọ̀ ẹnu. Ẹ kó àwọn ọmọ yín kúrò nílé."

"Ẹ̀yin ńkọ́?"

Ó wo ọ̀nà, ó fa ọmọ rẹ̀ lọ́wọ́, wọ́n lọ.

Ọ̀kadà ló gbé Ṣèyífúnmi padà. Àwọn ènìyàn ń ti ṣọ́ọ̀bù lọ́sàn-án gangan. Ní oríta, àwọn ọkùnrin kan jókòó sórí búlọ́ọ̀kù. Ó mọ méjì nínú wọn. Ó kí wọn, wọn ò dá a lóhùn.

Peter, ọkọ rẹ̀, ní ariwo lásán ni, pé ó ti pẹ́ táwọn ti ń gbọ́ ọ. Ṣèyífúnmi ò bá a jiyàn. Ó di aṣọ àwọn ọmọ sínú báàgì. Bí ilẹ̀ ṣe mọ́, gbogbo wọn wọkọ̀ lọ sílé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ní Òṣogbo. Ibẹ̀ ni wọ́n wà tí wọ́n fi gbọ́ pé ìbọn ti ń dún níbi tí ilẹ̀ ìlú méjèèjì ti pààlà. Ilé jóná. Ìjọba kéde kónílé-ó-gbélé.

Ó pe Gàfárù, kò lọ. Ó pè, ó tún pè. Lọ́jọ́ kejì, ẹnìkan gbé e. Husnah ni.

"Níbo lẹ wà?"

"Ẹ̀rìn-Ọ̀ṣun, mà. Èmi àti màámi."

"Bàbá yín ńkọ́?"

"Wọ́n ní àwọn ń bọ̀ lẹ́yìn wa, pé àwọn fẹ́ tú àwọn ewúrẹ́ sílẹ̀." Ọmọ náà ń mí gúlegúle. "Fóònù wọn ló wà lọ́wọ́ mi yìí, mà."

Títí di òní, wọn ò tíì rí Gàfárù.