Àwọn Ewúrẹ́ Tí Wọ́n Fọ̀ Dànù

Nígbà tí mo wà ní kékeré ní Ìkìrun, bàbá kan wà ní agboolé wa, ọ̀gá ilé-ìwé ni. Àkọ́bí rẹ̀ wà ní Rọ́ṣíà, bàbá sì ti sọ fún gbogbo ìlú títí dé Ìbà pé iṣẹ́ dókítà lọmọ òun ń kọ́ níbẹ̀. Kò bi ọmọ náà léèrè rí.

Ẹ̀yin ọmọ mi, lọ́jọ́ tó dé, àwọn aláìsàn ti jókòó dè é lójúde. Ìyá arúgbó kan tó wá láti Ìnísà na orúnkún tó wú sí i. Ọmọ náà dọ̀bálẹ̀, ó ní, "Ẹ má bínú, Ìyá. Àwòrán ni mo kọ́. Mo máa ń jẹ́ kó rìn nínú sinimá." Wọ́n rín in fín. Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti ń pè é ní Dókítà Ewúrẹ́, torí ewúrẹ́ ló yà.

Rọ́bà pẹlẹbẹ tó mọ́ gaara bíi gíláàsì ló kó bọ̀, àpótí kan gbáko. Ewúrẹ́ kan náà ló wà lára gbogbo wọn, ẹsẹ̀ rẹ̀ ló kàn ń yí díẹ̀díẹ̀. Bí wọ́n bá ya fọ́tò wọn tẹ̀léra, ewúrẹ́ á máa sáré. Ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan ní Ìbàdàn ní kó kó wọn wá, bí ó bá wu àwọn, àwọn á gbà á síṣẹ́.

Bàbá gbọ́. Láàárọ̀ ọjọ́ tọ́mọ fẹ́ lọ, bó ṣe wọ balùwẹ̀ báyìí, bàbá kó gbogbo rọ́bà náà fún àwọn ìyàwó ilé, ó ní kí wọ́n fi ọṣẹ àti kànrìnkàn fọ̀ ọ́, òun fẹ́ fi dí ojú fèrèsé. Ìgbà tọ́mọ fi jáde, ọ̀dà ti ń ṣàn lọ sínú gọ́tà. Bàbá wò ó, ó ní, "Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wá wúlò ni." Ìkà ni. Mi ò mọ orúkọ mìíràn tí wọ́n ń pe irú ìyẹn.

Ọmọ náà kò dé Ìbàdàn mọ́. Orí ènìyàn ló ń yà sára pátákó àwọn onígbàjámọ̀ ní Òkukù títí irun tirẹ̀ náà fi funfun.

Lọ́dún tó kọjá, bàbá kú, ó ti gbó kùjọ́kùjọ́. Níbi ìsìnkú, àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀ fi fóònù mú fọ́tò rẹ̀ mirí, ó ń rẹ́rìn-ín sí wa nínú tẹlifíṣọ̀n ńlá. Mo bi àkọ́bí rẹ̀ náà níbi tó jókòó sí lẹ́yìn pé, "Ẹ̀gbọ́n, ṣé ẹ rí i?"

Ó ní, "Wọn ò mọ̀ ọ́n yà. Bàbá kì í rẹ́rìn-ín séèyàn báyẹn."

Ayé ti yí padà, ẹ̀yin ọmọ. Ohun tí ẹ̀gbọ́n fi ìgbà èwe rẹ̀ kọ́ ní Rọ́ṣíà, ọmọdé ń fi fóònù ṣe é kí omi tó hó. Àwọn tó kù nínú àwọn tó fi í ṣẹ̀sín lọ́jọ́sí dìde, wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún òkú tó ń mirí. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tó bojú wẹ̀yìn.