Gèèmù Àbúrò Mi Nínú Kọ̀ǹpútà Ṣọ́ọ̀bù

Àwòrán bọ́ọ̀lù kékeré kan ni mo kó sínú fláàṣì, tí mo wá fọkàn balẹ̀ pé gèèmù àbúrò mi ni mo kó pamọ́. Mo tiẹ̀ fi ọ̀rá wé fláàṣì náà, mo fi í sínú dúrọ́ọ̀ tó ní kọ́kọ́rọ́. Ẹ̀yìn ìgbà náà ni mo sọ fún ẹnjiníà tó ń bá mi tún kọ̀ǹpútà ṣe pé kó máa nu inú rẹ̀ mọ́. Ẹni tó ti ń fi kọ̀ǹpútà jẹun láti bí ọdún mẹ́sàn-án ló ṣe bẹ́ẹ̀ o, kì í ṣe ọmọdé.

Ṣọ́ọ̀bù ìtẹ̀wé ni mo ní nítòsí Toll Gate ní Ṣàngó. Ìwé mẹ́fà péré ni mo kà, àmọ́ nígbà tí àwọn ṣọ́ọ̀ṣì ńláńlá bẹ̀rẹ̀ sí í ra ilẹ̀ lọ́tùn-ún lósì ní Ọ̀tà, tí yunifásítì sì tẹ̀ lé wọn dé, kò sẹ́ni tó bi mí ní sátífíkéètì. Ìwé ètò ìsìn, ìwé ìdúpẹ́, ìwé àṣekágbá àwọn akẹ́kọ̀ọ́, gbogbo rẹ̀ ni mò ń tẹ̀. Mùsùlùmí ọmọ Mùsùlùmí ni mí, síbẹ̀ mo máa ń mọ orin tí wọ́n fẹ́ kọ lọ́jọ́ ìkórè kí àwọn akọrin fúnra wọn tó mọ̀ ọ́n.

Bí mo ṣe ń ṣiṣẹ́ ló kó bá mi. Ojú kọ̀ǹpútà gan-an ni mo máa ń to iṣẹ́ oníbàárà sí, nítorí ohun tí mi ò bá rí, ẹ̀rù rẹ̀ máa ń bà mí. Bí oníbàárà bá dé, màá nàka sí tirẹ̀, màá fà á sínú fláàṣì rẹ̀, ó parí nìyẹn. Lójú tèmi, ohun tó bá wà lójú kọ̀ǹpútà ni nǹkan náà fúnra rẹ̀. Mi ò mọ̀ pé ohun mìíràn lè wà lẹ́yìn rẹ̀.

Àbúrò mi kan ṣoṣo, ọmọ ìyá mi, ilé iṣẹ́ ọṣẹ ní Agbara ló ti ń ṣiṣẹ́. Yàrá kan ni òun, ìyàwó rẹ̀ àti ọmọbìnrin kan tí wọ́n bí ń gbé níbẹ̀. Iná kì í dúró lọ́dọ̀ wọn, èmi sì ní jẹnẹrétọ̀. Nítorí náà, Sọ́ńdè tí kò bá ti bọ́ sí ṣíìfù rẹ̀, á mú ọmọ rẹ̀ dání wá sí ṣọ́ọ̀bù lọ́sàn-án, nígbà tí àwọn oníṣọ́ọ̀ṣì bá ti gba ìwé wọn lọ. Ó fi gèèmù bọ́ọ̀lù sínú kọ̀ǹpútà mi. Òun àti ọmọ náà dá ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù tiwọn sílẹ̀ nínú rẹ̀, wọ́n sì yí orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù padà sí orúkọ àwa ẹbí. Bàbá wa tó ti kú ń gbá iwájú. Ìyá wa ń sáré láàárín pápá, orókún tó ń dùn ún nílé ò dí i lọ́wọ́ níbẹ̀. Èmi ni wọ́n fi ṣe aṣọ́lé.

"Kí ló dé tó jẹ́ ìdí àwọ̀n lẹ so mí mọ́?" mo bi wọ́n lọ́jọ́ kan.

"Ẹ̀gbọ́n mi, gbogbo nǹkan lẹ máa ń sá fún," àbúrò mi dá mi lóhùn. "Ibi tí ẹ ò ti ní ráyè sá ni mo fi yín sí."

Ọmọ rẹ̀ bú sẹ́rìn-ín. Ó ti parí ilé ẹ̀kọ́ girama nígbà yẹn, ó ń retí yunifásítì. "Dádì Ṣọ́ọ̀bù," bó ṣe máa ń pè mí nìyẹn, "ẹ jẹ gólì mẹ́rin ní Sọ́ńdè tó kọjá. Ẹ gbìyànjú díẹ̀ sí i."

Ìdíje kan ni wọ́n máa ń gbá ní Sọ́ńdè kan. Òfin àbúrò mi nìyẹn, kó má baà jẹ epo jẹnẹrétọ̀ mi.

Lọ́jọ́ Sọ́ńdè kan, tó ku ìdíje márùn-ún kí sáà wọn parí, kọ̀ǹpútà kọ ọ́ sílẹ̀ pé àyè ti ń tán nínú C. Bí ilé oníyàrá méjì ni kọ̀ǹpútà náà rí. Yàrá C ni ètò tó ń mú ẹ̀rọ náà ṣiṣẹ́ ń gbé, gèèmù sì wà níbẹ̀ pẹ̀lú rẹ̀. Yàrá D ni ẹnjiníà bá mi kó iṣẹ́ ṣọ́ọ̀ṣì tó ti pẹ́ sí.

"Ẹ̀gbọ́n mi, gèèmù yìí ló gba C yín kan," àbúrò mi wí. "Ẹ jẹ́ n yọ ọ́ níbẹ̀, kí n gbé e lọ sínú D. Àyè ńlá ló wà níbẹ̀."

"D kẹ̀? Níbi tí ìwé àpéjọ ọdún mẹ́ta wà? Kí kòkòrò inú gèèmù wá lọ jẹ orúkọ pásítọ̀?"

"Kò sí kòkòrò kankan nínú rẹ̀, ẹ̀gbọ́n mi."

"Bí gbogbo yín ṣe máa ń wí nìyẹn."

Ó yíjú sí ọmọ rẹ̀. "Ṣé o rí aṣọ́lé wa báyìí?"

Wọ́n fi mí rẹ́rìn-ín lọ sílé. Èmi, ọkàn mi ò balẹ̀. Kó tó di pé mo ti ṣọ́ọ̀bù nírọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn, mo ra háàdì dísíìkì kan lọ́wọ́ aládùúgbò mi tó ń ta fóònù, mo da gbogbo ohun tó wà nínú fọ́dà Dókúmẹ́ǹtì sínú rẹ̀, mo gbé e sábẹ́ Kùránì mi. Mi ò yẹ̀ ẹ́ wò. Ẹni tí ilé rẹ̀ ń jó kì í yan ẹrù tó máa gbé sá.

Sọ́ńdè mẹ́ta ni wọ́n tún wá lẹ́yìn ìyẹn. Ní ọjọ́ kẹta, wọ́n bá ẹgbẹ́ tó ń ṣíwájú pàdé. Gólì kan sí òdo ni àwọn tiwa fi ń borí, ó sì ku díẹ̀ kí àkókò pé nígbà tí wọ́n fún àwọn yẹn ní pẹnáríìtì. Aṣọ́lé fò sápá òsì, ó gbá bọ́ọ̀lù náà síta. Èmi gan-an dúró nídìí ẹ̀rọ ìtẹ̀wé, pépà wà lọ́wọ́ mi, mi ò ṣe nǹkan kan. Àbúrò mi dìde, ó wá bọ̀ mí lọ́wọ́ bí ẹni pé èmi ni mo mú un. "Ẹ ṣeun," ó ní. "Ẹ ò sá lónìí."

Ìdíje méjì ló kù. Kò padà wá gbá wọn. Inú ló ń run ún lọ́jọ́ Túsìdeè tó tẹ̀ lé e, ọjọ́ mẹ́wàá lẹ́yìn náà la sin ín. A ṣe fídáù ọjọ́ kẹjọ ní Agbara. Àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní ilé iṣẹ́ fi bọ́ọ̀sì òṣìṣẹ́ wá, wọ́n ṣì wọ yúnífọ́ọ̀mù wọn.

Kò pẹ́ sígbà yẹn ni iṣẹ́ àpéjọ ńlá dé, ìwé tó kún fún fọ́tò. Kọ̀ǹpútà kọ̀, kò ṣí i. Ẹnjiníà wá wò ó.

"Bàbá, C yín ti kún dé ẹnu. Màá nù ún, màá tún gbé ètò tuntun sí i. Ẹ kọ́kọ́ kó ohun tẹ́ ẹ bá fẹ́."

Ẹ ti mọ ohun tí mo kó.

Ọmọ náà ò wá títí ìyá rẹ̀ fi fẹ́rẹ̀ẹ́ jáde opó. Ìgbà tó máa dé, òun nìkan ló wọkọ̀ wá. Ó kí mi, ó jókòó, ó ní òun fẹ́ wo ẹgbẹ́ àwọn. Mo ṣí dúrọ́ọ̀, mo tú ọ̀rá, mo gbé fláàṣì lé e lọ́wọ́ bí ẹni tó ń dá ohun ìní padà fún olóhun. Ó tẹ àwòrán bọ́ọ̀lù náà. Kọ̀ǹpútà ní òun ò rí ohun tí àwòrán náà ń tọ́ka sí. Ó tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀mẹta.

"Dádì Ṣọ́ọ̀bù, fọ́dà rẹ̀ ńkọ́?"

"Fọ́dà wo?"

Kò sunkún. Ó kàn gbé ọwọ́ rẹ̀ kúrò lórí máòsì, ó fi í sórí itan. Ìbá sàn fún mi kó bú mi.

Mo pe ẹnjiníà. Ó wo fláàṣì, ó mi orí. "Bàbá, ṣé ẹ rí gbogbo pátákó ṣọ́ọ̀ṣì tí wọ́n rì mọ́lẹ̀ lójú títì yìí, tó ń júwe ọ̀nà? Ọ̀kan nínú rẹ̀ lẹ hú gbé sálọ. Ẹ fi ṣọ́ọ̀ṣì sílẹ̀ níbi tó wà, èmi sì ti wó o."

Àfi bíi pé kí ilẹ̀ lanu. Ó wá béèrè bóyá mo ti kó Dókúmẹ́ǹtì pamọ́ síbì kan rí, torí pé ibi tí wọ́n gbé gèèmù sí lọ́tọ̀, ibi tó ń kọ ìtàn ẹgbẹ́ sí lọ́tọ̀. Mo sáré lọ gbé háàdì dísíìkì lábẹ́ Kùránì. Ìtàn ẹgbẹ́ náà wà nínú rẹ̀. Ìwà ojo mi tó ba nǹkan jẹ́ náà ló ti ṣèèṣì kó o pamọ́.

Ọmọ náà mú dísíìkì gèèmù wá láti ilé ní Sọ́ńdè tó tẹ̀ lé e. Ó bi mí ibi tóun máa gbé e sí.

"Inú D," mo sọ. Ó wò mí, ó fi dísíìkì náà sínú kọ̀ǹpútà.

Nígbà tó ṣí i, gbogbo wa jáde sójú pápá. Bàbá wa níwájú, ìyá wa láàárín, èmi nídìí àwọ̀n. Ọmọ náà fọwọ́ kan gíláàsì níbi tí orúkọ kóòṣì wà, orúkọ bàbá rẹ̀. Lẹ́yìn náà ló wo iye ìdíje tó kù. Márùn-ún ni, kì í ṣe méjì. Bí nǹkan ṣe wà nírọ̀lẹ́ ọjọ́ tí ẹ̀rù bà mí ni ó dúró sí. Sọ́ńdè mẹ́ta ìkẹyìn ò sí níbẹ̀. Pẹnáríìtì tí mo mú ò ṣẹlẹ̀ rí.

Mo fa àga mọ́ ọn. "Jẹ́ ká tún àwọn mẹ́ta yẹn gbá," mo wí. "Ojú mi ló ṣe, mo mọ iye gólì tí ẹ fi borí nínú gbogbo wọn. Kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń tẹ̀ ẹ́, màá bá ọ gbá a."

Ó tún wo márùn-ún tó wà lójú kọ̀ǹpútà yẹn. Lẹ́yìn náà ló rọra ti gèèmù náà pa.

"Ẹ jẹ́ kó wà bẹ́ẹ̀, Dádì Ṣọ́ọ̀bù," ó ní. "Níbi tó dúró sí yẹn, dádì mi ò tíì ṣàìsàn."