Ohùn Gbohùngbohùn Lórí Ọkọ̀ Kọngílá

Gbogbo ìlú ló mọ ohùn ọkùnrin yìí kí wọ́n tó mọ ojú rẹ̀. Gbohùngbohùn ni wọ́n ń pè é. Òun ló ń polówó ọṣẹ, bàtà àti oògùn ikọ́ láti inú ọkọ̀, òun náà ló ń kéde ọmọ tó sọnù. Tó bá ti lọgun "Ẹ jáde o!", ẹni tó wà ní balùwẹ̀ á sáré wá aṣọ. Ìyá rẹ̀ máa ń sọ pé lọ́jọ́ tí òun bí i, àwọn ará ilé kẹta ti kí òun kú ewu kí agbẹ̀bí tó rántí kí òun.

Ó ní ọgbọ́n kan tó ń dá. Tó bá ń gba ohùn ìpolongo ìbò sílẹ̀, kì í dárúkọ ẹnikẹ́ni. Nínú yàrá kótópó tí ọ̀gá agbohùnsílẹ̀ fi fóòmù bo ògiri rẹ̀, á ní, "Ẹ dìbò fún…", á dákẹ́ díẹ̀, á wá pariwo, "Ọmọ wa ni! Mo mọ̀ ọ́n, mo mọ ìyá tó bí i!" Orúkọ ẹni tó bá gbéṣẹ́ wá ni wọ́n máa ń fi dí àlàfo náà. Ohun téèyàn ti sọ dáadáa lẹ́ẹ̀kan, kí ló dé tó fi máa tún un sọ? Ọ̀lẹ tó gbọ́n ni, mi ò ní purọ́ fún yín.

Ìgbà tó yá, kókó kan yọ sí i lọ́nà ọ̀fun. Àwọn dókítà gé kókó náà, ohùn sì bá a lọ. Ọkùnrin tó ń jí àdúgbò wá di ẹni tó ń pàtẹ́wọ́ kí ìyàwó rẹ̀ tó bojú wẹ̀yìn.

Ọdún yẹn gan-an ni Tíṣà, àbúrò rẹ̀, jáde dupò. Ipò kékeré kọ́ o: ìjókòó kan ṣoṣo nílé aṣòfin orílẹ̀-èdè, tí gbogbo ìpínlẹ̀, láti etí omi dé orí òkè, jọ máa dìbò sí. Òun àti Kọngílá tó ń ta sìmẹ́ńtì ni wọ́n jọ ń dù ú. Kò sóhun tí Tíṣà ní ju pé àwọn èèyàn fọkàn tán ìdílé wọn. Gbohùngbohùn ń bá a kiri, á gbé ọwọ́ àbúrò rẹ̀ sókè, á máa rẹ́rìn-ín bí ọkọ ìyàwó.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan, àwọn méjèèjì wà ní ṣọ́ọ̀bù mẹkáníìkì, wọ́n ń bẹ̀bẹ̀ fún ìbò, ni ọkọ̀ kan bá yọ. "Ẹ dìbò fún Kọngílá! Ọmọ wa ni! Mo mọ̀ ọ́n, mo mọ ìyá tó bí i!"

Mẹkáníìkì yọ orí lábẹ́ mọ́tò. "Tíṣà, ṣé ẹ̀gbọ́n yín kọ́ nìyẹn?"

Òun ni. Ọ̀gá agbohùnsílẹ̀ ti ta ohùn àtijọ́ tó gbà sílẹ̀ náà fún Kọngílá. Orúkọ tí wọ́n fi dí i, inú ìpolówó sìmẹ́ńtì tí Gbohùngbohùn fúnra rẹ̀ ṣe ni wọ́n ti yọ ọ́. Ó bá a mu wẹ́kú.

Gbohùngbohùn la ẹnu, ó ń nawọ́ sí ọ̀fun rẹ̀, ó ń mi orí. Atẹ́gùn lásán ló ń súfèé jáde.

"Àìsàn ló ṣe wọ́n," Tíṣà sọ. "Wọn ò lè sọ̀rọ̀ mọ́."

"A ti gbọ́," mẹkáníìkì dáhùn. "Ṣùgbọ́n tí ẹ̀gbọ́n yín bá ní ká dìbò fún ẹlòmíràn, kí lẹ fẹ́ káwa ṣe?" Ó padà sábẹ́ mọ́tò rẹ̀.

Gbohùngbohùn gba ọ̀dọ̀ ọ̀gá agbohùnsílẹ̀ lọ, inú ń bí i. Ọ̀gá náà ò tiẹ̀ dìde. "Mo ti sanwó iṣẹ́ yín nígbà yẹn, bọ̀ọ̀dá. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ sọ pé irọ́ ni, ẹ̀rọ rèé. Ẹ wá sọ ọ́, ọ̀fẹ́ ni." Ìkà èèyàn! Gbohùngbohùn dúró níwájú ẹ̀rọ náà títí, ó sì jáde.

"Mo gbà yín gbọ́, bọ̀ọ̀dá," Tíṣà wí fún un. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà, kò pè é mọ́ tó bá ń jáde ìpolongo. Ó dun Gbohùngbohùn wọra.

Tíṣà fìdí rẹmi káàkiri ìpínlẹ̀. Lọ́jọ́ tí wọ́n kéde èsì, gbogbo wọn jókòó sí pálọ̀ ìyá wọn, Tíṣà sorí kọ́, ìyá ń fọwọ́ pa á lẹ́yìn. Ọkọ̀ Kọngílá bá ń bọ̀ lójú títì, ó ń yọ̀. "Ọmọ wa ni! Mo mọ̀ ọ́n!"

Tíṣà dìde láti ti fèrèsé. Ìyá gbá ọwọ́ rẹ̀ mú.

"Fi sílẹ̀. Ó ti pẹ́ tí mo ti gbọ́ ohùn ọmọ mi gbẹ̀yìn." Ó ń sunkún, ó ń rẹ́rìn-ín. Nígbà tí ọkọ̀ yà lọ, ó bi wọ́n pé, "Ṣé wọ́n á tún gba ibí kọjá?"

Tíṣà ki ẹsẹ̀ bọ bàtà. Gbohùngbohùn dì í láṣọ mú, ó ń mi orí, ṣùgbọ́n Tíṣà rọra já ọwọ́ rẹ̀ kúrò, ó sáré jáde. Wọ́n rí i láti ojú fèrèsé, ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ fìdí rẹmi nínú ìbò, ó ń dọ̀bálẹ̀ fún awakọ̀ Kọngílá. Awakọ̀ rẹ́rìn-ín títí, ó sì ṣẹ́rí ọkọ̀ padà.

Gbohùngbohùn kúnlẹ̀ síwájú ìyá rẹ̀. Ó la ẹnu, atẹ́gùn ń súfèé. Ìyá kò wò ó. Ó fi àtẹ́lẹwọ́ bò ó lẹ́nu jẹ́jẹ́, kó lè gbọ́ ohùn tó ń bọ̀ dáadáa.