Ike Tí Mo Ti Fọ̀ Ni Wọ́n Ní Kí N Dà Sórí Ààtàn

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ fara balẹ̀ kí n sọ ohun tójú mi rí ní Ìkẹ́rẹ́ níbí.

Láti ìgbà tí mo ti kúrò l'Ékòó dé ni mo ti ń ṣa ike. Ṣùgbọ́n n kì í dé orí ààtàn o! Àwọn ṣọ́ọ̀ṣì àti ilé ìwé ló ń kó ike omi pa mọ́ fún mi. Màá fi ọṣẹ fọ̀ ọ́, màá dojú ẹ̀ délẹ̀ lórí pákó títí á fi gbẹ, kí n tó kó o lọ fáwọn elépo. Màmá Bọ́sẹ̀ tó ń ta epo pupa ni oníbàárà mi tó pẹ́ jù. Kì í tiẹ̀ gbóòórùn ike mi kó tó rọ epo sí i. Ìgbẹ́kẹ̀lé yẹn ni mò ń jẹ.

Ni àwọn tó ń ṣe fíìmù bá dé. Wọ́n ní fíìmù nípa àwa tá à ń ṣa ike ni, pé kì í ṣe eré, ohun tá à ń ṣe gan-an làwọn fẹ́ yà. Inú mi dùn! Mo gbálẹ̀, mo to ike, mo wọ ìbọ̀wọ́. Ọ̀gá wọn fi hankaṣíìfù bo imú nínú ilé mi tó mọ́ tónítóní, ó ní ibẹ̀ ti mọ́ jù, pé àwọn tó máa wò ó ò ní gbà pé ìyà ń jẹ mí.

Ṣé mo sọ fún un pé ìyà ń jẹ mí ni?

Ó ní ká kó àpò ike méjì tí mo ti fọ̀ lọ sí ààtàn ẹ̀yìn ọjà, ká dà á síbẹ̀, kí n wá máa ṣà á. Mo ní ike elépo nìyẹn. Ó ní ṣebí mo lè tún un fọ̀. Mo mọ̀ pé kò dáa, àmọ́ ó ń wù mí káyé rí mi, mo bá gbà. Àárín ìfun adìẹ àti ìlédìí ọmọ tó kún fún ìgbẹ́ ni ike mi bọ́ sí. Ó ní kí n bọ́ ìbọ̀wọ́, mo bọ́ ọ! Ìdin ń gun ọwọ́ mi, ó ní kí n má rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín wo?

Mi ò kó ìkankan nínú wọn fún elépo. Ọkọ̀ tó ń kó ike lọ síbi tí wọ́n ti ń lọ̀ ọ́ ni mo kó gbogbo ẹ̀ fún. Ìyẹn ò sí nínú fíìmù.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, fíìmù náà dórí fóònù gbogbo ìlú. Mo sáré lọ sí ìsọ̀ Màmá Bọ́sẹ̀, mo bá a níbi tó ti ń da epo látinú ike mi padà sínú kẹ́ẹ̀gì. Mo kúnlẹ̀, mo ṣàlàyé. Kò tiẹ̀ bínú. Ó ní, "Ọmọ mi, mo gbọ́. Ùwọ mọ uṣẹ́ rẹ, mo mọ̀. Ṣùgbọ́n ojú mi lí mo fi rí ọ."

Ọ̀gá fíìmù yẹn ń rí mi lára. Èmi fúnra mi ni mo tún wá ń rí ara mi lára jù, torí ẹnu lòun fi sọ ọ́, ọwọ́ mi ni mo fi gbé àpò.

Wọ́n ní ìròyìn ò tó àfojúbà. Èmi ni mo fún ayé ní àfojúbà irọ́. Tẹ́nì kan bá sọ fún yín pé ìmọ́tótó yín ò dáa fún àwòrán, ẹ ní kó gbé kámẹ́rà ẹ̀ máa lọ!

Ẹ̀yin ńkọ́? Kí ni wọ́n ní kẹ́ ẹ bà jẹ́ kí wọ́n tó lè ṣàánú yín? Ẹ kọ ọ́ sísàlẹ̀ níbí, màá ka gbogbo ẹ̀. Ọwọ́ mi ti dilẹ̀ báyìí.