Ọ̀rọ̀ Tí Wọ́n Gé Kúrò Lẹ́nu Ẹ̀gbọ́n Mi

Inú ń bí mi, kẹ́nikẹ́ni má bá mi pẹ̀tù sí i.

Ọgbọ̀n ọdún ni ẹ̀gbọ́n mi obìnrin fi ṣe ọlọ́pàá ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́. Bó ṣe fẹ̀yìn tì báyìí, àwọn tó ń ṣe fíìmù nípa ìpànìyàn àtijọ́ sọ pálọ̀ wa di ọ́fíìsì. Wọ́n á ti àga síwá sẹ́yìn, wọ́n á ní ká pa fíríìjì torí ariwo ẹ̀, ẹ̀gbọ́n mi á wá máa ṣàlàyé fún kámẹ́rà. Ìyá Tẹlifíṣọ̀n làwọn aládùúgbò ń pè é. Èmi náà máa ń fi ṣe yẹ̀yẹ́, torí àtíkè tó ń lò lọ́jọ́ tí wọ́n bá wá ju ti ọjọ́ ìgbéyàwó ẹ̀ lọ.

Ẹjọ́ tó kẹ́yìn ló dá wàhálà sílẹ̀. Wọ́n pa ìyàwó káfíńtà kan sínú ilé ní ogún ọdún sẹ́yìn, wọn ò rí ẹni tó pa á títí dòní. Gbogbo àdúgbò ní ọkọ ẹ̀ ló pa á. Ẹ̀gbọ́n mi ló wádìí ẹ̀ pé ọsibítù ni ọkùnrin náà wà lọ́jọ́ yẹn, wọ́n ń ṣiṣẹ́ abẹ fún un. Ẹ̀gbọ́n mi kúnlẹ̀ níwájú ọmọ wọn obìnrin, ọmọ ọdún mẹ́jọ, ó ní, "Bàbá ẹ kọ́ o. Má jẹ́ kẹ́nikẹ́ni tàn ẹ́." Ọmọ náà gbà á gbọ́. Ọ̀rọ̀ yẹn nìkan ló so òun àti bàbá ẹ̀ pọ̀ látìgbà náà.

Ọmọbìnrin tó ń darí fíìmù wá ní, "Mọ́mì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ máa fi ìbéèrè mi bẹ̀rẹ̀ ìdáhùn yín, torí a máa yọ ohùn tèmi kúrò." Ó wá bèèrè bóyá ọkọ ló pa obìnrin yẹn. Iṣẹ́ ọlọ́pàá ti kọ́ ẹ̀gbọ́n mi láti gbọ́ràn. Ó dáhùn pé, "Ọkọ ẹ̀ ló pa á, ohun tí gbogbo èèyàn ń sọ nìyẹn. Irọ́ gbuu ni. Èmi fúnra mi dé ọsibítù yẹn."

Mo wà níbẹ̀. Etí mi méjèèjì ni mo fi gbọ́ ọ.

Fíìmù jáde, ojú ẹ̀gbọ́n mi kún inú tẹlifíṣọ̀n, ó ní, "Ọkọ ẹ̀ ló pa á." Orin bẹ̀rẹ̀. Ó tán! Ẹ gbà mí o! Ṣé ojú ò ń ti àwọn èèyàn wọ̀nyí ni?

Mo pe olùdarí yẹn, mo bú u débi pé ohùn mi há. Ó ní, "Àǹtí, ohùn Mọ́mì náà ni. A ò fi nǹkan kan kún un." Àbí ẹ ò rí aláìnítìjú!

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, a lọ sílé ọmọ káfíńtà. Òun náà ti di abiyamọ, ọmọ ẹ̀ ń sùn léjìká ẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi ò tíì kí i tán tó ti ń ṣàlàyé pé wọ́n gé ọ̀rọ̀ òun ni, pé ìyókù wà lọ́wọ́ wọn. Ó ń kólòlò. Mi ò rí i kó kólòlò rí.

Ọmọ káfíńtà jẹ́ kó parí. Kò pariwo.

"Mà, lórí ọ̀rọ̀ bàbá mi, ẹ̀yin nìkan ni mo gbà gbọ́ láyé yìí. Ẹ ní òun kọ́. Lánàá, ẹ ní òun ni. Ẹnu yín ni méjèèjì ti jáde. Èwo ni irọ́?"

"Ọmọ mi..."

"Bàbá mi ti pè mí lẹ́ẹ̀mẹ́fà láti ìdájí. Mi ò mọ ohun tí mo fẹ́ bá a sọ."

Ó rọra ti ilẹ̀kùn, kí ọmọ má baà jí.