Àtíkè Etí Moufoutaou

Moufoutaou fi itọ́ kan àtàǹpàkò rẹ̀, ó nu ẹ̀yìn etí. Ó wo ìka náà. Funfun ṣì wà níbẹ̀. Ó nù ún mọ́ abẹ́ ṣòkòtò, níbi tí ojú ò tó, ó tún bẹ̀rẹ̀.

"El Hadj!" Ọmọ Ọ̀yọ́ ni dẹ́rẹ́bà takisí náà, inú dígí ló ti ń wò ó. "Wọ́n mà ní ẹ ti kú!"

"Inú fíìmù ni mo kú sí."

"Ẹ sì jẹ́ kí ìyá mi ó máa sunkún láti àná. Ó dáa, òkú náà máa san owó ọkọ̀ o."

Moufoutaou rẹ́rìn-ín díẹ̀. Àdúgbò Treichville ló ń lọ, sí ilé ẹ̀gbọ́n rẹ̀, Àrìmíyàù, tí kò bá a sọ̀rọ̀ mọ́ láti ọjọ́ tí wọ́n sin bàbá wọn.

Ọ̀dọ́ ló jẹ́ nígbà tó kúrò ní ṣọ́ọ̀bù aṣọ bàbá náà, tó lọ ń ṣe tíátà. Wọn ò fún un ní ipa gidi. Olùṣọ́ tó ń ṣí géètì. Ọ̀mùtí tí wọ́n ń tì síta. Awakọ̀ ọ̀gá, tí kàmẹ́rà kì í rí ju ìpàkọ́ rẹ̀ lọ. Ìyàwó rẹ̀ mú sùúrù títí, ó padà sí Cotonou.

Lọ́jọ́ tí bàbá wọn kú, ó wà lórí ìtàgé ní Cocody, ó ń ṣe arúgbó. Òkú Mùsùlùmí kì í pẹ́ nílẹ̀. Kí oòrùn tó wọ̀, wọ́n ti sin ín. Moufoutaou sáré dé ẹnu ibojì pẹ̀lú àtíkè funfun lórí irun àti lójú. Àwọn èèyàn ti ń gbọn erùpẹ̀ ọwọ́ wọn dànù.

"Lọ wẹ ojú rẹ," ni Àrìmíyàù wí.

Ìgbà tí irun rẹ̀ funfun fúnra rẹ̀ ni àwọn onífíìmù wá a wá. Àgbà tó mọ bí a ṣe ń dákẹ́ ni wọ́n ń fẹ́. Ó di El Hadj, bàbá olówó inú eré tí wọ́n ń fi hàn lórí tẹlifíṣọ̀n lálaalẹ́. Ní Koumassi, níbi tó ń gbé, wọn ò jẹ́ kó san owó kọfí mọ́. Àrìmíyàù ò ní tẹlifíṣọ̀n nílé.

Lọ́sẹ̀ yìí, ní Bingerville, wọ́n pa El Hadj. Wọ́n fi àtíkè kùn ún lójú àti létí, wọ́n fi aṣọ funfun dì í, wọ́n gbé e lọ sí ẹnu ibojì. Ọjọ́ méjì ni wọ́n fi ya ìsìnkú náà, wọ́n sì ti gba fóònù lọ́wọ́ gbogbo òṣèré, àmọ́ lọ́jọ́ àkọ́kọ́ ẹnì kan lára àwọn tó ń wòran ya fídíò. Fídíò náà dé orí WhatsApp àwọn ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́, ìlú bàbá wọn. Ẹnì kan kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé: Moufoutaou ti lọ, kí Ọlọ́hun fi Alijánnà kẹ́ ẹ.

Bí ó ti gba fóònù rẹ̀ padà lọ́jọ́ kejì ni Fàìzà, ọmọ Àrìmíyàù, pe àbúrò bàbá rẹ̀ láti mọ̀ bóyá òótọ́ ni.

"Tonton? Ẹ̀yin ni?" Ó ń sunkún, ó ń rẹ́rìn-ín. "Wọ́n ń ṣe àdúà yín lọ́wọ́ níbí. Baba mi dìde láàrin èèyàn, wọ́n ní àwọn ti dárí jì yín. Wọ́n sunkún, Tonton. Mi ò rí irú ẹ̀ rí."

"Lọ sọ fún wọn pé mo wà láàyè."

"Ẹnu mi ò gbà á. Ẹ wá sọ ọ́ fúnra yín. Vite, kíákíá!"

Kò dúró wẹ̀. Ó dá takisí dúró.

Àga oníke kún àgbàlá Àrìmíyàù. Obìnrin tó gbé abọ́ àkàrà sàráà rí i lẹ́nu géètì. Abọ́ náà bọ́. Àdúà dúró. Àrìmíyàù fi ọ̀pá dìde. Ó ti gbó ju bí Moufoutaou ṣe rò lọ.

Moufoutaou dọ̀bálẹ̀ lórí sìmẹ́ńtì. "Ẹ̀gbọ́n mi, èmi ni. Mi ò kú. Fíìmù ni."

"Fíìmù."

"Fàìzà ní ẹ ti dárí jì mí."

Ojú Àrìmíyàù ṣì pọ́n. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó na ọwọ́ sí orí àbúrò rẹ̀. Ọwọ́ náà kò dé orí. Ó ti rí àtíkè tó kù létí rẹ̀.

"Òkú ni mo dárí jì," ló wí. "Lọ wẹ etí rẹ."

"Ẹ̀gbọ́n..."

"Ááfà, ẹ parí àdúà yín."

Ááfà wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó tún bẹ̀rẹ̀ sí í ka àdúà. Ó dárúkọ Moufoutaou. Àwọn èèyàn ní àmín.

Moufoutaou dìde, ó gbọn eruku orúnkún rẹ̀. Níta, àwọn ọmọdé rí i, wọ́n pariwo: "El Hadj! El Hadj!" Ó gba ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà lọ sí ìhà afárá. Kò fọwọ́ kan etí rẹ̀.