Orúnkún Tí Kò Gbọ́ràn sí Olùdarí Lẹ́nu

Mo mọ eré í ṣe, mi ò ní fi ìyẹn tan ẹnikẹ́ni. Bí wọ́n bá ní kí n sunkún, omi á ti bọ́ lójú mi kí ẹni tó ń gbé kámẹ́rà tó múra tán. Láti Ìjagun dé Ayépé, àwọn ọmọ iléèwé ń dá mi dúró ya fọ́tò. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀, díẹ̀ ló kù kí orúnkún mi gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ẹni tó jù mí lọ.

Opó dókítà kan ní àdúgbò wa ni ẹni náà, ọmọ Póláǹdì. Ìye ni gbogbo wa ń pè wọ́n, bí Ìjẹ̀bú ṣe ń pe ìyá. Òṣèré sinimá gidi ni wọ́n lọ́hùn-ún kí dókítà, tó lọ kàwé níbẹ̀, tó fẹ́ wọn wálé. Àwòrán wọn kan wà lára ògiri pálọ̀, wọ́n gun ẹṣin, wọ́n dé fìlà onírun. Láti ìgbà tí wọ́n ti dé Ìjẹ̀bú-Òde, wọn ò dúró níwájú kámẹ́rà mọ́. Wọ́n tọ́mọ, wọ́n ń kọ́ àwọn ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì ní dùùrù, wọ́n sì gbọ́ Ìjẹ̀bú ju olùdarí wa lọ. Olùdarí yìí ló lọ bẹ̀ wọ́n kí wọ́n wá ṣe ìyá ọkọ mi nínú fíìmù.

"Mo ti gbàgbé pé mo níṣẹ́ lọ́wọ́ rí," ni wọ́n sọ fún mi lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Inú wọn dùn bíi ti ọmọ tí wọ́n rán aṣọ ọdún fún.

Ìran tó ṣe pàtàkì jù kò le. Èmi, ìyàwó agbéraga, á wọlé bá ìyá ọkọ mi nígbà àkọ́kọ́, mi ò sì ní kúnlẹ̀. Kí ló wà nínú ìyẹn? Olùdarí ní ká bẹ̀rẹ̀, mo wọlé, mo rí Ìye, orúnkún mi ti kanlẹ̀. A tún un ṣe, mo tún kúnlẹ̀. Lẹ́ẹ̀kẹta, mo di férémù ilẹ̀kùn mú, mo sì tún lọ sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Ìyá mi, tó ń ta aṣọ lọ́jà, ló fà á. Láti kékeré ni wọ́n ti ń tẹ èjìká mi mọ́lẹ̀ níwájú àgbà. Wọ́n ní ilé la ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde. Tèmi ti pọ̀ jù.

Nígbà tó di ọ̀sán, olùdarí bínú. "Tí oòrùn bá kúrò lójú fèrèsé yìí, màá yọ ìyá ọkọ kúrò nínú ìtàn. Ká kúkú sọ pé ó ti kú."

Ìye gbọ́. Wọ́n ká ìwé ọ̀rọ̀ wọn mọ́ra. Ojú tì mí, inú sì bí mi sí ara mi.

Ìye fà mí lọ sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Mo ní, "Ìye, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú."

"Fetí sílẹ̀. Lọ́jọ́ tí mo dé ilé ọkọ mi, ìyá wọn dúró dè mí lẹ́nu ọ̀nà. Ẹnikẹ́ni ò sọ fún mi pé ìyàwó máa ń kúnlẹ̀. Mo dúró ṣánṣán, mo na ọwọ́ sí wọn pé ká bọwọ́, mo ń rẹ́rìn-ín."

"Kí ni wọ́n ṣe?"

"Wọ́n gba ọwọ́ náà. Wọn ò mẹ́nu kan ọ̀rọ̀ náà títí wọ́n fi kú. Lọ, kó o na ọwọ́ sí mi."

Mo wọlé, mo rẹ́rìn-ín, mo na ọwọ́. Nígbà tí ọwọ́ mi ti rí iṣẹ́ ṣe, orúnkún mi rójú dúró. Nínú ìwé, Ìye gbọ́dọ̀ pariwo lé mi lórí. Wọn ò pariwo. Wọ́n wo ọwọ́ náà pẹ́, wọ́n fi ọwọ́ méjèèjì gbà á, omi sì ń dà lójú wọn. Olùdarí gbàgbé láti ní ká dúró.

Nígbà tí wọ́n pa kámẹ́rà, gbogbo èèyàn ń pàtẹ́wọ́ pé òṣèré gidi rèé. Mo ti wà lórí ìkúnlẹ̀. Ìye ò tíì fi ọwọ́ mi sílẹ̀.

Wọ́n bẹ̀rẹ̀, wọ́n sọ sí mi létí. "Ó ti pẹ́ tí mo ti ń tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ìyá ọkọ mi nínú ọkàn mi, ṣùgbọ́n mi ò mọ bí ọwọ́ tí mo nà yẹn ṣe rí lára wọn gan-an. Òní ni mo mọ̀ ọ́n."